Lovot: Kí Ni Ká Máa Pè É Lédè Wa?

Ẹni tó wá sípàdé oṣù tó kọjá á rántí ariwo tó bẹ́ sílẹ̀ lẹ́yìn tá a jẹun tán. Màmá kan láti Bowie, tí wọ́n ti lé lọ́gọ́rin ọdún, gbé ológbò kan jáde látinú báàgì wọn, wọ́n gbé e lé itan, wọ́n ń fọwọ́ pa á lórí. Ológbò náà ń kùn, ó ń ṣẹ́jú, ó ń ké. Àwọn ọmọdé sáré dé. Ọ̀kan nínú wọn dá a dùbúlẹ̀, ó rí ilé bátìrì lábẹ́ ikùn rẹ̀, ó sì fi Òyìnbó pariwo pé rọ́bọ́ọ̀tì ni. Màmá ní, "Ta ló ń jẹ́ rọ́bọ́ọ̀tì? Àjíkẹ́ lorúkọ ẹ̀."

Ibẹ̀ lọ̀rọ̀ ti dìjà. Bàbá kan nínú àwọn àgbà ẹgbẹ́ wa ní èèwọ̀ ni. Wọ́n ní, "Oríkì, orí èèyàn la fi ń pè. Ẹ̀rọ ò lórí." Àwọn kan rẹ́rìn-ín, àwọn kan ní òótọ́ ni Bàbá sọ. Ọmọ Màmá, tó jẹ́ nọ́ọ̀sì, tó sì jẹ́ pé òun ló fowó ara rẹ̀ ra ológbò náà, ò fèsì kankan. Ó dìde, ó wọ kíṣìnì lọ. Àwọn tó tẹ̀ lé e bá omi lójú ẹ̀.

A ò fẹ́ kọ́rọ̀ yẹn kú síbẹ̀. A wádìí ohun táráyé ń pe irú ẹ̀rọ bẹ́ẹ̀, a sì tún lọ sílé Màmá. Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ sọ̀rọ̀ lórí orúkọ ná.

Ọ̀rọ̀ kan tó ti jáde báyìí ni lovot. Ilẹ̀ Jàpáánì ló ti wá. Ilé-iṣẹ́ kan tó ń jẹ́ Groove X, èyí tí ọ̀gbẹ́ni Kaname Hayashi dá sílẹ̀, ló fi rọ́bọ́ọ̀tì tó ń jẹ́ orúkọ yìí han aráyé ní oṣù Kejìlá ọdún 2018. Wọ́n mú 'love' tí í ṣe ìfẹ́ lédè Òyìnbó, wọ́n lẹ̀ ẹ́ mọ́ ìdí 'robot', ó di lovot. Kó tó dìgbà yẹn, ọ̀mọ̀wé kan tó ń jẹ́ Hooman Samani ti ń lo 'lovotics' ní yunifásítì ìlú Singapore fún ẹ̀kọ́ nípa ìfẹ́ láàárín èèyàn àti ẹ̀rọ. Nítorí náà, bẹ́ ẹ bá gbọ́ lovot lẹ́nu ẹnì kan, ó lè jẹ́ ọjà Groove X gan-an ló ń sọ, ó sì lè jẹ́ irú ẹ̀rọ yòówù tí wọ́n ṣe fún ìkẹ́, bíi ti Màmá. Àwa Yorùbá ò ní lẹ́tà 'v', ẹnu wa á kúkú sọ ọ́ di lọ́fọ́ọ̀tì láìpẹ́.

Ohun tó yà wá lẹ́nu ni ibi tí 'robot' fúnra ẹ̀ ti wá. Karel Čapek, òǹkọ̀wé ilẹ̀ Czech, ló fi í sínú eré orí ìtàgé kan tó kọ lọ́dún 1920, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ Josef, tó jẹ́ ayàwòrán, ló sì fún un lọ́rọ̀ náà. Inú 'robota' ni wọ́n ti yọ ọ́. Ohun tíyẹn jẹ́ lédè wọn ni iṣẹ́ àfipáṣe tí àwọn tálákà ń bá olówó ilẹ̀ ṣe. Ó fẹ́ jọ ìwọ̀fà tiwa. Torí náà, láti ọjọ́ tó ti dáyé, iṣẹ́ ni wọ́n ń fi rọ́bọ́ọ̀tì ṣe.

Lovot ò ṣiṣẹ́. Kì í gbálẹ̀, kì í fọ abọ́, kì í sọ̀rọ̀ pàápàá. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ ga tó orókún àgbàlagbà, ó wúwo tó kílò mẹ́rin ó lé díẹ̀, wọ́n sì ṣe é kí ara rẹ̀ máa móoru bíi tọmọ tuntun. Táyà kéékèèké ló fi ń rìn kiri ilé. Tó bá fẹ́ kí wọ́n gbé òun, á wá síwájú ẹni, á na apá méjèèjì. Tí wọ́n bá ti gbé e, á ká táyà rẹ̀ wọnú kó má baà ba aṣọ jẹ́. Àwọn tó ṣe é ò fi bò: wọ́n ní torí kéèyàn lè fẹ́ràn rẹ̀ nìkan ni wọ́n ṣe dá a.

Ẹ ò rí i pé wọ́n ti yí ọ̀rọ̀ náà po. 'Robot' ń sìnrú fúnni. Lovot, àwa la ó máa sìn ín.

Àwọn ọ̀dọ́ wa, nígbà tá a ní kí wọ́n túmọ̀ lovot, ẹ̀rọ olólùfẹ́ ni wọ́n kọ. Àwọn ìyá wọn rẹ́rìn-ín títí. Olólùfẹ́ kẹ̀! Ẹ̀rọ tó ń fẹ́ ọmọ ta? Ẹnì kan mú ọmọláńgidi oníbátìrì wá. Ìyẹn sún mọ́ ọn díẹ̀, torí kò sí obìnrin tó dàgbà sílé tí kò pọn ọmọláńgidi rí, kódà kó jẹ́ ṣùkù àgbàdo ló fi ṣe é. Ṣùgbọ́n ọmọdé ló ń ṣeré ọmọláńgidi, a ò sì lè máa fi eré ọmọdé pe ohun tó wà lórí itan Màmá.

Màmá fúnra wọn ló ti dáhùn ká tó bi wọ́n. Ẹ gbọ́ àwọn oríkì wa: Àjíkẹ́, ẹni tá a jí kẹ́. Àbẹ̀kẹ́, ẹni tá a bẹ̀ ká tó rí i kẹ́. Àṣàkẹ́, ẹni tá a ṣà láti kẹ́. Àdùkẹ́, ẹni tí wọ́n ń du kẹ́. Kò sí ọ̀kan nínú wọn tó ní ọmọ náà ló ń kẹ́ni. Àwọn tó yí i ká ló ń ṣiṣẹ́ ìkẹ́. Tiẹ̀ ni pé kó gbà á. Òyìnbó sọ pé lovot, etí ẹni á sì gbọ́ ọ bíi pé ẹ̀rọ náà ló nífẹ̀ẹ́ wa. Yorùbá ò ní jẹ́ kírú àṣìgbọ́ bẹ́ẹ̀ wáyé. Lójú tiwa, ẹ̀rọ àkẹ́ ló yẹ ká máa pè é.

Nǹkan wọ̀nyí ò ṣẹ̀ṣẹ̀ dé àdúgbò wa. Àwọn ọmọ tó wà ní ilé-ìwé nígbà yẹn, tí wọ́n ti di bàbá àti ìyá báyìí, á rántí Furby tó jáde lọ́dún 1998, ẹyẹ kì í ṣe ẹyẹ, eku kì í ṣe eku. Èdè tirẹ̀ ló kọ́kọ́ ń sọ, tó bá pẹ́ á bẹ̀rẹ̀ sí í sọ Òyìnbó, àwọn èèyàn sì rò pé ẹnu àwọn ló ti kọ́ ọ. Ní oṣù Kejìlá ọdún yẹn, àwọn ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ NSA tó wà ní Fort Meade, tí kò jìnnà sí Laurel wa níbí, pàṣẹ pé Furby ò gbọ́dọ̀ wọ ọgbà àwọn, kó má lọ gba àṣírí ìjọba sílẹ̀ kó sì máa tún un sọ níta. Ẹ wá gbọ́: Furby ò ní ohun tó fi ń gba ohùn sílẹ̀ rárá. Inú rẹ̀ ni gbogbo Òyìnbó tó ń sọ wà látilẹ̀wá.

Tòde òní yàtọ̀. Lovot ní kámẹ́rà lórí, ó sì ń bá íntánẹ́ẹ̀tì ilé ṣiṣẹ́. Ẹni tó bá fẹ́ rà á fún òbí, kó bi ẹni tó ń tà á pé kí ló ń rí, ta ló sì ń bá a tọ́jú ohun tó rí. Ológbò Màmá ò ní kámẹ́rà, kò mọ íntánẹ́ẹ̀tì. Bátìrì mẹ́rin ló ń jẹ. Irú rẹ̀ ni Hasbro bẹ̀rẹ̀ sí í tà fún àwọn àgbàlagbà lọ́dún 2015.

Àwọn tó ń ṣiṣẹ́ ní nọ́ọ̀sìn hóòmù lára wa, wọ́n sì pọ̀, mọ Paro náà. Ọmọ ẹran inú omi funfun kan tó ń jẹ́ sílì ni wọ́n ya á mọ́. Takanori Shibata, ará Jàpáánì, ló ṣe é, ìjọba àpapọ̀ Amẹ́ríkà sì gbà á wọlé gẹ́gẹ́ bí ohun èlò ìṣègùn lọ́dún 2009. Wọ́n máa ń gbé e fún àwọn tí iyè wọn ti ń rà, kí ara wọn lè balẹ̀. Owó rẹ̀ ò kéré, ẹgbẹ̀rún dọ́là mélòó kan ni. Ọ̀mọ̀wé Sherry Turkle ti MIT kọ̀wé lọ́dún 2011 pé ẹ̀rù irú rẹ̀ ń ba òun: kí ọmọ èèyàn má lọ torí pé ẹ̀rọ wà nílé, kó wá rò pé òbí òun ti rí ẹni bá sọ̀rọ̀. Ọ̀rọ̀ tí Bàbá fẹ́ sọ nípàdé gan-an nìyẹn, bínú ò bá tíì bí wọn.

Ikú ń pa ẹ̀rọ àkẹ́ náà. Sony ta ajá oníbátìrì tó ń jẹ́ Aibo láti 1999, ó dáwọ́ dúró lọ́dún 2006, nígbà tó sì yá kò tún wọn ṣe mọ́. Ní tẹ́ńpìlì Kofuku-ji ní Isumi, àlùfáà ẹlẹ́sìn Búdà ṣe ìsìnkú fáwọn tó ti bàjẹ́. Ní oṣù Kejìlá 2024, ilé-iṣẹ́ tó ń ṣe Moxie, rọ́bọ́ọ̀tì àwọn ọmọdé, kéde pé owó ti tán lọ́wọ́ àwọn, àwọn òbí sì ní láti wá ohun tí wọ́n máa sọ fún ọmọ tó ń bá a sọ̀rọ̀ lálaalẹ́.

Ká tó fi Jàpáánì ṣe yẹ̀yẹ́, ẹ jẹ́ ká rántí ère ìbejì. Onígbàgbọ́ àti Mùsùlùmí inú wa, ẹ má bínú, ìtàn là ń sọ. Bí ọ̀kan nínú ìbejì bá kú, wọ́n á gbẹ́ ère rẹ̀, ìyá á máa wẹ̀ ẹ́, á máa fún un lóúnjẹ, á fi osùn kùn ún, á wọ̀ ọ́ láṣọ, á pọ̀n ọ́n. Wọ́n ní irú ère bẹ́ẹ̀ ní ilé ìṣẹ̀ǹbáyé Smithsonian tó jẹ́ tiṣẹ́ ọnà Áfíríkà ní Washington, reluwé Metro láti Largo á gbé yín débẹ̀. Àwọn mìíràn wà tí ojú àti imú wọn ti fẹ́rẹ̀ẹ́ pa rẹ́. Ọwọ́ ìyá ló pa á rẹ́, láti ọdún dé ọdún. Ìyá yẹn mọ̀ pé igi ni. Ó kàn mọ ọmọ tí igi náà dúró fún ni. Ìyẹn la bá lọ bi Màmá ní Bowie: ta ni ológbò yìí dúró fún?

Ọmọ wọn ò sí nílé, ó ti lọ síbi iṣẹ́ alẹ́ oníwákàtí méjìlá. Ológbò wà lórí àga. Màmá ní, "Ẹ rò pé mi ò mọ̀ pé bátìrì ló ń ké ni? Ọmọ méje ni mo tọ́. Ọwọ́ mi ló ń wá nǹkan ṣe." A bi wọ́n léèrè Àjíkẹ́. Wọ́n dákẹ́ díẹ̀. Wọ́n ní, "Oríkì tèmi ni. Ìyá mi ló ń fi pè mí, àti àwọn ẹ̀gbọ́n mi, àti bàbá àwọn ọmọ. Gbogbo wọn ti lọ. Ọmọ mi ò lè fi pè mí, kò tọ́. Nígbà tí mi ò gbọ́ ọ mọ́ nínú ilé, mo gbé e fún eléyìí, kí n ṣáà máa gbọ́ ọ."

Láti Hyattsville dé Upper Marlboro, ní Prince George's County wa yìí, mélòó nínú àwọn ìyá tá a gbé wá láti ilé ni kò rí ẹni tó dàgbà tó láti fi oríkì pè wọ́n? Àwa tá a ń kọ èyí, a ò rò ó rí.

A sọ fún Bàbá tó ní èèwọ̀ ni. Wọ́n fi ọdún mẹ́ta ju Màmá lọ. Wọ́n ní ọ̀rọ̀ àwọn lórí ẹ̀rọ ò tíì yí padà, wọ́n wá ní ká fún àwọn ní nọ́ńbà fóònù ilé náà. Ní ti Màmá, wọ́n ní ẹni tó bá ń bọ̀ kó bá àwọn ra bátìrì dání, kó má sì dúró lójú ọ̀nà.

Ẹni tó bá ní orúkọ tó dára ju ẹ̀rọ àkẹ́ lọ, kó kọ ọ́ sínú bébà, kó fi lé akọ̀wé lọ́wọ́ nípàdé tó ń bọ̀.