ONÍLÙ ÌPÁJÀ ÀTI ONÍFÈRÈ SKỌ́TÍLÁǸDÌ: ẸNU NI WỌ́N FI Ń KỌ́ IṢẸ́ WỌN!

Ẹ̀yin òǹkàwé wa, ojú tì mí ní Ìpájà ní Sátidé tó kọjá, ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ bó ṣe rí kí ẹlòmíràn tó bá mi sọ ọ́. Òde ìsìnkú àgbà ni, ní àdúgbò kan tí kò jìnnà sí Abẹ́sàn Estate. Bí mo ṣe gbájú mọ́ ìrẹsì mi, bàbá onígángan kan wá dúró sẹ́yìn mi, ó fi kọ̀ǹgọ́ kan ìlù lẹ́ẹ̀mẹ́ta, lẹ́ẹ̀mẹ́rin. Gbogbo àwọn àgbà tó wà nídìí tábìlì bú sẹ́rìn-ín, wọ́n ń wò mí. Èmi náà ń rẹ́rìn-ín, mo ki ọwọ́ bọ àpò, mo na igba náírà sí bàbá. Kò gbà á. Ó ní, "Ọmọ mi, kí ni mo sọ?" Mo ní, "Ẹ ń kí mi ni, sà." Ha! Ẹ̀rín tún sọ. Àṣé ohun tí bàbá ń fi ìlù sọ ni pé kí n rọra jẹun, pé òkú ọ̀run kò ní bá mi du àwo!

Kí ẹ má rò pé ọmọ ìlú òkèèrè ni mí o. Bàbá tó bí bàbá mi, Àyàn ni orúkọ rẹ̀ fi bẹ̀rẹ̀. Ìdí ìlù ni wọ́n bí i sí. Bàbá mi ló gé Àyàn kúrò lórí orúkọ wa nígbà tó ń fi mí sí ilé-ìwé, ó ní òun kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni pe ọmọ òun ní ọmọ alágbe. Ní ilé-ìwé girama tí mo lọ, ẹni tó bá sọ Yorùbá ní kíláàsì yóò san owó ìtanràn tàbí kó kúnlẹ̀. Mo kúnlẹ̀ títí orúnkún mi fi dúdú. Mo gba ìwé ẹ̀rí jáde, ó wá di pé ìlù bú mi, mo sì dúpẹ́.

Ní ọjọ́ Sunday, mo wá bàbá náà lọ sí ilé rẹ̀. Ó jókòó sórí àpótí, ó ń tún osán ìlù ṣe. Mo béèrè bó ṣe kọ́ṣẹ́. "Kí wọ́n tó fi kọ̀ǹgọ́ lé mi lọ́wọ́," ni bàbá wí, "ẹnu ni bàbá mi fi ń lù ú fún mi. Bó bá ṣe pe ìró náà, bẹ́ẹ̀ ni èmi náà ó pè é. Tí ẹnu mi bá ṣì í, n ò ní fọwọ́ kan ìlù lọ́jọ́ yẹn." Gúdúgúdú ló kọ́kọ́ gbé kọ́rùn, ó sì pẹ́ nídìí rẹ̀ kí wọ́n tó gbé ìyá ìlù fún un. Ó ṣàlàyé pé tí a bá fún osán dùndún mọ́ra, ohùn á ròkè. Tí a bá dẹ̀ ẹ́, á wálẹ̀, bí ọ̀rọ̀ ẹnu wa gẹ́lẹ́. Bàtá ní tirẹ̀ kò ní osán tí à ń fi ọwọ́ fún báyìí, ìdí nìyẹn tí àwọn onílù bàtá fi ní èdè tiwọn, ẹnà bàtá, tí wọ́n fi ń fẹnu pe ìró ìlù láàárín ara wọn. Obìnrin òyìnbó kan, Amanda Villepastour, ti tẹ odidi ìwé jáde lórí ẹnà yìí ní 2010. Èmi ọmọ Àyàn, n ò mọ ìró kan níbẹ̀.

Ibi tí a ti ń sọ̀rọ̀ ni àwọn ọmọ Boys' Brigade ti ń kọjá lójú títì pẹ̀lú ìlù àti fèrè wọn. Bàbá yínmú. Ó ní, "Ìlù òyìnbó nìyẹn, ariwo lásán, kò sọ nǹkan kan." Ibẹ̀ ni èmi náà ti rí ẹnu sọ̀rọ̀. Mo ní, bàbá, ìlú Glasgow ní Skọ́tíláǹdì ni William Alexander Smith ti dá ẹgbẹ́ yẹn sílẹ̀ ní 1883, ó sì dé Èkó ní 1908. Lóòótọ́ ìlù ológun ni wọ́n ń lù. Ṣùgbọ́n àwọn tó ti wà ní òkè ilẹ̀ Skọ́tíláǹdì látayébáyé, àwọn tó ń sọ èdè Gaelic, wọ́n ní àwọn Àyàn tiwọn.

Bàbá gbé osán sílẹ̀. "Wò ó, jókòó dáadáa."

Mo sọ fún un nípa erékùṣù Skye. Ìdílé kan wà níbẹ̀ tí wọ́n ń pè ní MacCrimmon. Bàbá fọn fèrè, ọmọ fọn ọ́n, ọmọ-ọmọ fọn ọ́n, fún àwọn olóyè MacLeod tó ni ilé olódi Dunvegan. Kì í ṣe fèrè tí ẹnu nìkan ń fọn o. Ó ní àpò tí wọ́n ń há sí abíyá, bí bàbá ṣe ń há gángan. Wọ́n ní ilé-ẹ̀kọ́ ní abúlé Boreraig, àwọn olóyè mìíràn sì ń rán ọmọ wá kọ́ṣẹ́ níbẹ̀. Ìtàn àtẹnudẹ́nu wọn ní ọdún méje ni ọmọ fi ń kọ́ ọ. Báwo ni wọ́n ṣe ń kọ́ ọ? Ẹnu! Canntaireachd ni wọ́n ń pè é. Ọ̀gá á fẹnu kọ ìró fèrè, fáwẹ̀lì á dúró fún ohùn gangan, kọ́ńsónáǹtì á dúró fún àwọn ohùn kéékèèké tó ń ṣe é lọ́ṣọ̀ọ́. Orin ńlá ni wọ́n ń fi kọ́ wọn, èyí tí wọ́n fi ń kí olóyè, tí wọ́n fi ń dárò òkú, tí wọ́n fi ń pe ogun. Ohùn tó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, ilẹ̀ ni wọ́n ń pè é ní èdè wọn. Onífèrè á kúrò nílẹ̀, á máa dárà lé e títí ọwọ́ á fi máa sáré, á sì tún padà sílẹ̀.

Bàbá ní, "Onílù ni wọ́n."

Mo fi ìtàn Inverurie kún un. Ní December 1745, nígbà ogun abẹ́lé wọn, ọ̀tá mú Donald Bàn MacCrimmon. Ìtàn sọ pé nígbà tí ilẹ̀ mọ́, kò sí onífèrè kan nínú ogun àwọn ọ̀tá tó gbé fèrè sẹ́nu. Wọ́n ní àwọn kò ní fọn ún níwọ̀n ìgbà tí ọ̀gá àwọn bá wà nínú ìdè. Wọ́n tú u sílẹ̀! Bàbá lu itan, ó rẹ́rìn-ín, ó ní ṣé wọ́n ní yúníọ́ọ̀nù ni? Ṣùgbọ́n kò pẹ́ lẹ́yìn náà, ní February 1746, wọ́n yìnbọn pa Donald Bàn ní Moy. Ní April ọdún náà ni ogun parí ní Culloden, òfin ìjọba sì gba agbára ìdájọ́ lọ́wọ́ àwọn olóyè. Olóyè tí kò lágbára, ta ni yóò bọ́ onífèrè? Kí ọ̀rúndún yẹn tó parí, Boreraig ti kógbá sílé.

Dùùrù olókùn wọn ló wá ṣe mí láàánú jù. Òun ló ti wà ní ààfin àwọn olóyè ṣáájú fèrè. Méjì nínú àwọn tàtijọ́, tó ti lé ní ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta ọdún, wà nínú gíláàsì ní ilé ìṣẹ̀ǹbáyé ní Edinburgh. Igi wà, ẹni tó mọ bí àwọn àgbà ṣe ń ta á ti tán. Àwọn tó ń ta irú rẹ̀ lónìí, àfọwọ́bà ni wọ́n fi ń wá ọ̀nà rẹ̀. Fèrè ní tirẹ̀ rù ú là nítorí pé àwọn ológun gbà á, àti pé ọkùnrin kan, Colin Campbell, jókòó ní 1797, ó kọ ìró ẹnu náà sínú ìwé.

Nígbà tó di 1872, òfin ẹ̀kọ́ dé, kò fi àyè kankan sílẹ̀ fún Gaelic. Wọ́n ń na ọmọ tó bá sọ ọ́, wọ́n ń gbé igi kọ́ ọ lọ́rùn. Orúnkún tèmi rántí nǹkan níbẹ̀. Ìkànìyàn 2011 rí ẹgbẹ̀rún mẹ́tàdínlọ́gọ́ta èèyàn péré tó ń sọ ọ́ ní Skọ́tíláǹdì. Ní 2022, ó gòkè dé nǹkan bí ẹgbẹ̀rún àádọ́rin.

Bàbá béèrè pé, "Àwọn tó ń fọn ọ́n lónìí, ṣé wọ́n gbọ́ èdè ọ̀hún?" Mo ní ọ̀pọ̀ wọn kò gbọ́. Kò sọ̀rọ̀ fún ìgbà díẹ̀.

Ọmọkùnrin méjì ló bí. Ọ̀kan ń wa Máàrúwá ní Ìyànà Ìpájà, èkejì ń ṣe DJ. Kò bá wọn wí. Ó ní owó òde kò dúró sójú kan mọ́, àti pé láti ìgbà tí EFCC ti ń mú àwọn tó ń ná owó lójú agbo, tí wọ́n ń fi òfin báńkì àpapọ̀ ti 2007 dẹ́rù ba èèyàn, nọ́ńbà àkáǹtì ni òun lẹ̀ mọ́ ara ìlù. Mo rí i lóòótọ́, pẹ̀lú sẹ́lótéèpù.

Ní tèmi, n kò gbà pé ilé-ìwé nìkan ló jẹ̀bi. Àwa tí à ń lọ òde náà ń kọ́? Oríkì owó nìkan la fẹ́ gbọ́. Tìmì Ẹdẹ, Ọba Adétóyèṣe Láoyè, tó wà lórí oyè láti 1946 sí 1975, fọwọ́ ara rẹ̀ lu ìlù, ó sì kọ̀wé lórí ìlù. Ta ló jẹ́ pe kábíyèsí ní alágbe? Ẹ̀yin ọmọ Àyàn tẹ́ ẹ ti gé orúkọ bíi tiwa, ẹ kọ̀wé sí wa, ẹ jẹ́ ká mọ iye wa.

Kí n tó dìde, bàbá ní kí n la ẹnu. Ó pe ìró mẹ́ta, mo pè é tẹ̀lé e. Ó mi orí. Ó tún un pè, mo tún un pè. Ó ní, "Ẹnu ẹ le. Gẹ̀ẹ́sì ṣì wà níbẹ̀." Ó ní kí n padà wá ní Ọjọ́bọ̀, kí n má mú owó wá, kí n má sì fọwọ́ kan gángan tó wà lára ògiri yẹn.