Sultan Khan àti Oyè Tí Ó Pẹ́ Kí Ó Tó Dé

Ẹni tí ó bá ti jókòó sídìí ọpọ́n ayò rí mọ̀ pé orúkọ méjì péré ni ó wà níbẹ̀: ẹni tí ó pa ẹnìkejì rẹ̀ ni ọ̀ta, ẹni tí wọ́n pa ni òpè. Kò sí ìgbìmọ̀ tí ń jókòó láti fi ẹnikẹ́ni jẹ ọ̀ta; ojú ọpọ́n ni ó ń fi í jẹ. Nínú ayò ṣẹ́ẹ̀sì, ọ̀rọ̀ kò rí bẹ́ẹ̀. Àjọ àgbáyé kan wà tí à ń pè ní FIDE, tí wọ́n dá sílẹ̀ ní ìlú Paris ní ọdún 1924. Àjọ yìí ni ó ń fi àwọn ọ̀jáfáfá jẹ oyè. Bí a bá yọ ti aborí ayé kúrò, oyè tí ó ga jù lọ níbẹ̀ ni Grandmaster, èyí tí a lè pè ní ọ̀ta àgbà. Ní ọdún 1950 ni àjọ náà kọ́kọ́ to orúkọ àwọn ọ̀ta àgbà jọ, ènìyàn 27 ni wọ́n sì jẹ́. Akiba Rubinstein, ọmọ Pólándì, wà lára wọn, bẹ́ẹ̀ ni Savielly Tartakower àti Salo Flohr. Ṣùgbọ́n orúkọ ọkùnrin kan tí ó ti pa àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta láyò rí kò sí níbẹ̀. Mir Sultan Khan ni ọkùnrin náà ń jẹ́.

Ìlú kékeré kan tí ń jẹ́ Mitha Tiwana, ní agbègbè Punjab, ni wọ́n ti bí i. Abẹ́ ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ni gbogbo Íńdíà wà nígbà náà. Láti ọdún 1947 ni apá ibẹ̀ ti bọ́ sí abẹ́ Pakísítánì. Àwọn kan ní ọdún 1903 ni wọ́n bí i, àwọn mìíràn ní 1905 ni. Bàbá rẹ̀ ni ó kọ́ ọ ní ayò nígbà tí ó wà ní ọmọ ọdún 9. Nígbà tí ó dàgbà, ọlọ́lá kan tí ó ní ilẹ̀ rẹpẹtẹ, Sir Umar Hayat Khan, gbà á sí agboolé rẹ̀. Ní ọdún 1928 ó borí nínú ìdíje gbogbo Íńdíà. Ní ọdún tí ó tẹ̀ lé e, Sir Umar ń lọ sí Lọ́ńdọ̀nù, ó sì mú un dání.

Ibí yìí ni ọ̀rọ̀ ti bẹ̀rẹ̀ sí í ta kókó. Ilẹ̀ Íńdíà ni a mọ̀ pé ayò ṣẹ́ẹ̀sì ti ṣẹ̀ wá. Ó gba ọ̀dọ̀ àwọn ará Pẹ́síà, ó gba ọ̀dọ̀ àwọn Lárúbáwá, kí ó tó dé Yúróòpù, ibẹ̀ ni wọ́n sì ti yí òfin rẹ̀ padà. Nípa bẹ́ẹ̀, nígbà tí ọmọ Íńdíà dé Ìlú Ọba láti wá ta ayò tí ó ti ilẹ̀ baba rẹ̀ jáde, òun ni ó di àlejò nídìí ọpọ́n. Nínú irú èyí tí Sultan Khan mọ̀, ìṣísẹ̀ kan ṣoṣo ni ọmọ ogun ẹlẹ́sẹ̀ lè gbé nígbà àkọ́kọ́ tí ó bá jáde. Ní Yúróòpù, ó lè gbé méjì. Ní Yúróòpù, bí ọmọ ogun yìí bá rìn dé òpin ọpọ́n, ó lè di ohunkóhun tí ẹni tí ó ni ín bá fẹ́, ayaba ni ọ̀pọ̀ sì máa ń mú. Ní Íńdíà, ipò tí ó jẹ́ ti ojú ọ̀nà tí ó gbà dé ibẹ̀ ni yóò bọ́ sí. Ọba ilẹ̀ Yúróòpù lè sá pamọ́ sẹ́yìn ilé-ìṣọ́ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Ti Íńdíà kò mọ ìyẹn, àyè kan ṣoṣo ni wọ́n fún un láti fò bí ẹṣin.

Ẹni tí kò ta ayò yìí rí lè rò pé nǹkan kékeré nìyí. Kì í ṣe nǹkan kékeré rárá. Àyípadà wọ̀nyí ni ó mú kí ìbẹ̀rẹ̀ ayò ti Yúróòpù yá kánkán, kí ewu sì wà nínú rẹ̀ láti ìṣísẹ̀ kẹta tàbí ìkẹrin. Ó ti pẹ́ tí àwọn ará ibẹ̀ ti ń kọ ìwé lórí ìbẹ̀rẹ̀ yìí, tí wọ́n sì ń há a sórí. Sultan Khan kò mọ ọ̀kankan nínú rẹ̀. Bí ìgbà tí a bá ní kí ẹni tí ó gbọ́ ẹ̀ka-èdè abúlé rẹ̀ nìkan lọ rojọ́ fún ènìyàn nínú ẹ̀ka-èdè mìíràn láàárín oṣù mélòó kan ni. Nínú ìdíje kékeré tí wọ́n fi dán an wò, ọ̀dọ̀ àwọn tí ó gbẹ̀yìn ni ó wà. Àwọn ọ̀jáfáfá Gẹ̀ẹ́sì méjì, William Winter àti Fred Yates, wá bá a jókòó, wọ́n sì kọ́ ọ. Ní ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn ọdún 1929 kan náà, ní ìlú Ramsgate, ó di aborí gbogbo ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì.

Báwo ni ó ṣe ṣe é? Kò di ọ̀gá nínú ìbẹ̀rẹ̀ ayò. Títí ó fi padà sílé ni ibẹ̀ ń yọ ọ́ lẹ́nu. Ṣùgbọ́n bí ó bá ti lè la ìbẹ̀rẹ̀ kọjá láìfarapa, bí ọpọ́n bá sì ti ń fúyẹ́, ó di ọ̀rọ̀ sùúrù, sùúrù sì ni ohun tí ayò ilẹ̀ rẹ̀ ti kọ́ ọ. Ẹni tí ó mọ̀ ọ́n jù lọ láti inú ìyà ni José Raúl Capablanca ará Kúbà, tí ó jẹ́ aborí ayé láti ọdún 1921 sí 1927, tí kò sì wọ́pọ̀ kí ẹnikẹ́ni pa á. Ní ìdíje Hastings tí ó bẹ̀rẹ̀ ní ìparí ọdún 1930, Sultan Khan há a mọ́ títí kò fi rí ibi gbà mọ́. Ìṣísẹ̀ 65 ni wọ́n gbé kí ó tó jọ̀wọ́ rẹ̀. Capablanca fúnra rẹ̀ jẹ́rìí lẹ́yìn náà pé ẹ̀bùn àrà ọ̀tọ̀ ni ọkùnrin náà ní.

Ó gba ipò kejì sí Tartakower ní ìlú Liège ní ọdún 1930, ó sì fi díẹ̀ borí Tartakower kan náà nínú ìfigagbága àwọn méjèèjì ní 1931. Ó tún di aborí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní 1932 àti 1933. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni ó ṣíwájú ikọ̀ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì lọ sí ìdíje Olympiad: ní Hamburg ní 1930, ní Prague ní 1931, àti ní Folkestone ní 1933. Ní Prague ni ó ti pa Flohr àti Rubinstein, tí òun àti Alexander Alekhine, aborí ayé ìgbà náà, sì ta ọ̀mì.

Gbogbo èyí, nínú òtútù ni. Ibà àti ọ̀fìnkìn kò fi í lọ́rùn sílẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni kò sí ẹni tí ó jẹ́ kí ó gbàgbé ipò rẹ̀. Reuben Fine, ọ̀jáfáfá ará Amẹ́ríkà, kọ ọ́ sínú ìwé pé nígbà tí Sir Umar ṣe àwọn lálejò ní Lọ́ńdọ̀nù ní 1933, Sultan Khan ni ó ń gbé oúnjẹ fún àwọn. Ọkùnrin tí àwọn àlejò náà ì bá dìde kí nídìí ọpọ́n ni ó dúró tì wọ́n nídìí tábìlì. Kì í ṣe òun nìkan ni ayò gbé jáde nínú agboolé náà: ní ọdún 1933 yẹn, obìnrin kan tí ń jẹ́ Fatima, tí òun náà ń sin Sir Umar, di aborí àwọn obìnrin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì.

Ọ̀pọ̀ òǹkọ̀wé Yúróòpù ni ó ti kọ ọ́ pé púrúǹtù ni Sultan Khan. Àwọn ọmọ ọmọ rẹ̀ kò gbà. Wọ́n ní ó mọ̀wé kà, ó sì mọ̀ ọ́n kọ. Ó yẹ kí á fura sí ìtàn púrúǹtù yìí, nítorí ó ń dùn lẹ́nu ẹni tí ń sọ ọ́. Àìgbọ́ èdè Gẹ̀ẹ́sì tó láti ka ìwé tí wọ́n fi èdè náà kọ kì í ṣe ohun kan náà pẹ̀lú àìmọ̀wé.

Ní ìparí ọdún 1933, Sir Umar padà sílé, Sultan Khan sì bá a lọ. Ní 1935 ó bá V. K. Khadilkar ta ayò 10. Ó pa á ní mẹ́sàn-án, wọ́n ta ọ̀mì nínú ẹyọ kan. Lẹ́yìn èyí, àwọn ará Yúróòpù kò tún rí i nídìí ọpọ́n mọ́. Ó ń dá oko rẹ̀ lágbègbè Sargodha, ó ń tọ́ ọmọ, ó sì kú ní ọdún 1966.

Kí ló dé tí àjọ FIDE kò fi rántí rẹ̀ ní 1950? Bí a bá ní nítorí pé ó ti fi ìdíje sílẹ̀ ni, Rubinstein ńkọ́? Láti ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1930 ni òun náà kò ti bá wọn díje mọ́, síbẹ̀ wọ́n fi í jẹ oyè. Ìyàtọ̀ kan hàn kedere: ilẹ̀ Bẹ́ljíọ̀mù ni Rubinstein fẹ̀yìn tì sí, níwájú àwọn tí ń pín oyè, oko ní Punjab ni Sultan Khan wà.

Oṣù kejì ọdún 2024 ni Arkady Dvorkovich, ààrẹ àjọ FIDE, gbé ìwé ẹ̀rí oyè ọ̀ta àgbà ti Sultan Khan lé ọwọ́ olórí ìjọba Pakísítánì. Ọmọ Pakísítánì kankan kò jẹ oyè náà rí kí ó tó kàn án.