Ṣé O Mọ̀? Salome Kò Jìnnà sí Òrò

Ṣé o mọ̀ pé ìlú tí wọ́n ti bí ẹni tó kọ "Salome", orin ìfẹ́ tí àwọn ìyá wa jó bàtà gbó lé lórí, kò tó ìrìn wákàtí kan sí Òrò wa ní Kwara? Wọ mọ́tò, gba Àjàṣẹ́-Ìpo, Òffà náà nìyẹn. Ibẹ̀ ni wọ́n bí Isaiah Kẹ́hìndé Dàíró sí ní 1930. Àwọn ará Ìjẹ̀bú-Jẹ̀ṣà á ní ọmọ àwọn ni. Wọn ò purọ́, ibẹ̀ ni ìdílé rẹ̀ ti wá. Àwọn ló ni baba. Àwa ará Kwara la ni ilẹ̀ tó kọ́kọ́ tẹ̀.

Ṣé o mọ̀ pé ọmọ ọdún méje ni Dàíró nígbà tí baba rẹ̀ kan ìlù fún un? Nígbà tí owó wọ́n nílé tó sì fi ilé ìwé sílẹ̀, ìlù yẹn ló gbé dání lọ sí Ìjẹ̀bú-Jẹ̀ṣà. Ó ṣe onígbàjámọ̀ níbẹ̀. Ní 1948 ó ń kiri aṣọ l'Ẹ́dẹ, ó ń lu ìlù bí ọwọ́ bá dilẹ̀, títí ọ̀gá rẹ̀ fi lé e lẹ́nu iṣẹ́. (Ọ̀gá yẹn ṣe wá lóore, kò kàn mọ̀ ni.)

Ṣé o mọ̀ pé òun ló gbé akọ́díọ̀nù wọ inú jùjú, dùùrù tí wọ́n ń fà tí wọ́n ń fún bí ẹwìrì alágbẹ̀dẹ? Fetí sí "Salome" dáadáa: akọ́díọ̀nù ń mí, gángan ń dáhùn, ọkùnrin kan ń pe orúkọ obìnrin. Ta ni kò ní orúkọ kan tó máa ń dùn lẹ́nu rẹ̀ bẹ́ẹ̀?

Ṣé o mọ̀ pé Bíbélì kò dárúkọ ọmọbìnrin tó jó níwájú Hẹ́rọ́dù? Josephus, òpìtàn Júù, ló pe ọmọbìnrin náà, ọmọ Hẹrodíà, ní Salome. Salome tó wà nínú ìwé Máàkù wà lára àwọn obìnrin tó gbé tùràrí lọ síbi ibojì Jésù. Ọmọ ìjọ Kérúbù àti Séráfù ni Dàíró, orúkọ inú Bíbélì kò ṣàjèjì sí i.

Ṣé o mọ̀ pé ní 1963, òun ni olórin Áfíríkà àkọ́kọ́ tó gba oyè MBE? Onígbàjámọ̀ àná! Láàárín 1994 sí 1995 ó wà ní University of Washington ní Seattle, lẹ́ka ẹ̀kọ́ orin. Ó kú ní oṣù kejì 1996. Ọmọ rẹ̀, Paul Play, tún orin baba rẹ̀ "Mo Ṣoríire" kọ fún àwọn ọ̀dọ́.

Níbi ìgbéyàwó kan ní Òrò, onígángan yọ orúkọ Salome kúrò nínú orin Dàíró, ó fi orúkọ ìyàwó rọ́pò rẹ̀. Ìyàwó fọwọ́ bojú, ó ń rẹ́rìn-ín. Ìyá ọkọ ò gbà. Ó tún gèlè wé, ó lẹ owó mọ́ onílù níwájú orí, ó ní kó dá Salome padà: òun ló ni ín, baba ọmọ òun ló ti fi ń pe òun látijọ́.