Omíkan: Ìwúkàrà Inú Garawa Ògì Wa

 Ọ̀rọ̀ ẹ̀yin ìyá wa ní Ore àti Odigbo tí ẹ ń ta ògì la mú wá lọ́tẹ̀ yìí. Garawa ògì kan tó bá bàjẹ́, owó àgbàdo àti owó ẹ̀rọ ti wọlẹ̀ nìyẹn, oníbàárà náà á sì yà sọ́dọ̀ ẹlòmíì.

Kì í ṣe omi lásán ló ń mú ògì kan. Àwọn ohun ẹlẹ́mìí tín-ín-tín tí ojú ò lè rí ni. Wọ́n ń jẹ ṣúgà inú àgbàdo, wọ́n ń sọ ọ́ di kíkan. Àwọn onímọ̀ ń pe gbajúmọ̀ inú wọn ní Lactiplantibacillus plantarum (Lactobacillus plantarum ni wọ́n ń pè é tẹ́lẹ̀). Ibi tí omi bá ti kan dáadáa, ọ̀pọ̀ kòkòrò tó ń fa ìgbẹ́ gbuuru ò lè gbilẹ̀ níbẹ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ni búrẹ́dì láyé àtijọ́, kí yíìsì inú páálí tó dé: ìyẹ̀fun pípò àná tó ti kan ni wọ́n ń bù sí tòní. Ìwúkàrà tí Bíbélì ń wí nìyẹn.

Nítorí náà, ẹ má da gbogbo omíkan nù. Lọ́jọ́ kejì tàbí ọjọ́ kẹta tí ẹ ti sẹ́ ògì, tí omi orí rẹ̀ ti tòrò, ẹ gbọ́ òórùn rẹ̀. Tó bá jẹ́ òórùn kíkan nìkan, tí kò yọ̀ bí ilá, tí kò bu lójú, ẹ bu ife kan pamọ́. Ife yìí tó fún garawa kan: ẹ dà á sórí àgbàdo tuntun tí ẹ rẹ, tàbí sínú ògì tí ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ sẹ́. Á tètè kan, pàápàá lásìkò òjò tí òtútù ń fà á sẹ́yìn. Ẹ̀yin tí ẹ ń fi omi gbígbóná rẹ àgbàdo, ẹ jẹ́ kó tutù ná, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ ẹ ti pa á nìyẹn.

Inú ike tàbí ìgò mímọ́ ni kẹ́ ẹ tọ́jú ẹ̀ sí. Kíkan máa ń jẹ irin. Ẹ má dé e pinpin, torí ó ń mí, ó lè ta ìdérí nù. Tí iná ò bá sí fún fíríìjì (àbí ta ni kò mọ̀ ọ́n?), ẹ máa fi tuntun rọ́pò ẹ̀ nígbàkúùgbà tẹ́ ẹ bá sẹ́ ògì. Ẹni tó ń rìnrìn àjò lè sá ògì díẹ̀ lórí aṣọ mímọ́ kó gbẹ dáadáa, kó rún un sínú ìgò gbígbẹ. Tó bá dé, omi lọ́wọ́ọ́wọ́ ni kó fi pò ó. Kì í yá bíi tútù, ó lè fi ọjọ́ kan pẹ́.

Ọ̀kan ṣì kù. Àgbàdo tó ti bu, kíkan ò lè fọ májèlé ara ẹ̀ tán, sísè náà ò lè mú un kúrò. Ẹ ṣà á dànù kẹ́ ẹ tó rẹ ẹ́, bó ti wù kó dunni tó.