Ìwúkàrà Ẹmu fún Búrẹ́dì Dídùn

Àwọn ìyá kan ní ibùdó oko ti béèrè lọ́wọ́ wa bóyá ènìyàn lè ṣe búrẹ́dì dídùn láìra yíìsì alágolo. Ó ṣeé ṣe. Ó ti pẹ́ tí àwọn oníbúrẹ́dì ilẹ̀ wa ti ń fi ẹmu ọ̀pẹ wú fúláwà. Ohun abẹ̀mí kan tí ojú kò lè rí ni ó wà nínú ẹmu, tí ó ń jẹ ṣúgà inú rẹ̀ tí ẹmu fi ń hó. Bí ó bá bọ́ sínú fúláwà pípò, afẹ́fẹ́ tí ó ń tú jáde yóò há síbẹ̀, yóò sì gbé e sókè.

Ẹ bu ife ẹmu àárọ̀ kan, èyí tí kò tíì kan, ẹ fi ife fúláwà kan àti ṣíbí ṣúgà kan pò ó nínú ìkòkò amọ̀. Aṣọ fẹ́lẹ́ ni kí ẹ fi bò ó. Ẹ má ṣe dé e pa. Ẹni tí ó bá ti rọ ẹmu sínú ìgò rí, tí ó dé e pinpin, mọ ohun tí à ń wí. Bí ó bá hó dáadáa, ó di ìwúkàrà nìyẹn.

Fún búrẹ́dì, ife ìwúkàrà kan tó fún ife fúláwà mẹ́rin, ààbọ̀ ife ṣúgà, ẹyin kan, bọ́tà ṣíbí méjì, iyọ̀ díẹ̀ àti omi lílọ́ wọ́ọ́rọ́. Ẹ pò ó títí yóò fi máa fà. Ìyẹ̀fun gbágùúdá kò lè dá ṣe é, nítorí kì í fà, kò sì lè dá afẹ́fẹ́ náà dúró. Ṣùgbọ́n ẹ lè fi ìdá kan nínú mẹ́wàá lú fúláwà. Ẹ má sì fi ṣúgà kún un pé kí ó lè tètè wú, nítorí ṣúgà àpọ̀jù a máa fà á sẹ́yìn. Bí ó bá wú di ìlọ́po méjì, bóyá lẹ́yìn wákàtí mẹ́ta sí mẹ́fà, ẹ yan án. Ẹni tí kò ní ààrò lè da iyanrìn sí ìdí ìkòkò irin, kí ó gbé agolo búrẹ́dì lé e, kí ó sì kó ẹyin iná sórí ọmọrí.

Èyí tí ó kù nínú ìkòkò ni ó mú wa kọ̀wé gan-an. Ojoojúmọ́ ni ẹ ó máa fi ààbọ̀ ife fúláwà àti ààbọ̀ ife omi bọ́ ọ, kò sì ní pẹ́ kún ìkòkò. Ìdí nìyí tí a fi ń bu ife kan fún aládùúgbò. Àwọn kan pe èyí ní inú rere. Àwa kà á sí ìpamọ́. Nígbà kan ní ibùdó tiwa, ọwọ́ ìyá kan ṣoṣo ni a rò pé ìwúkàrà wà. Ó yan gbogbo rẹ̀ tán fún ìsọmọlórúkọ, ẹlẹ́mu sì ti rìnrìn àjò. Àwọn tó ń ta búrẹ́dì kàn jókòó ni, títí ẹnì kan fi rántí ìyàwó kan ní ìpẹ̀kun ibùdó tí wọ́n ti bu ife kan fún. Láti ìgbà náà, ilé mẹ́ta ni ìwúkàrà wa ń gbé.

Bí òkè tiyín bá pọ́n, tàbí tí ó hu bí irun, ẹ dà á nù, kí ẹ sì sọ fún gbogbo ẹni tí ẹ bu fún, bí ojú tilẹ̀ ń tì yín.

Bí ẹ bá ń lọ sílé fún ọdún, ẹ tẹ́ díẹ̀ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ sórí àwo lábẹ́ ibòji, kì í ṣe nínú oòrùn gangan, títí yóò fi gbẹ. Ẹ rún un sínú agolo gbígbẹ. Nígbà tí ẹ bá dé, ẹ fi omi lílọ́ wọ́ọ́rọ́ àti fúláwà jí i. Ó lè gbà tó ọjọ́ méjì tàbí mẹ́ta kí ó tó tún máa hó.