Àwòrán Tí Kò Fọhùn, Tí Tọmọdé Tàgbà Gbọ́

Àwọn àgbà ní ojú ni ọ̀rọ̀ wà. Ẹni tó bá ń gbé Bolori ní ìlú Maiduguri mọ òtítọ́ ọ̀rọ̀ yìí. Èdè Kànúrí, ti Haúsá, ti Lárúbáwá Shuwa àti Yorùbá ń pàdé ara wọn níbẹ̀. Èdè lè ya àwọn ọmọdé nípá, ṣùgbọ́n ẹ̀rín kì í yà wọ́n.

Orí ẹ̀rín bẹ́ẹ̀ ni iṣẹ́ àwọn tó kọ́kọ́ mú kí àwòrán ọwọ́ máa rìn nínú sinimá dúró lé. Ní ọdún 1908, Émile Cohl, ọmọ ilẹ̀ Faransé, ya nǹkan bí 700 àwòrán, èyí tó tẹ̀ lé èkejì yàtọ̀ sí i ní ìwọ̀nba díẹ̀. Ó ya fọ́tò wọn lọ́kọ̀ọ̀kan. Nígbà tí ẹ̀rọ yí wọn kíákíá, ojú rí ènìyàn kékeré tó ń rìn, tó ń ṣubú, tó sì ń dìde. Gbogbo rẹ̀ kò tó ìṣẹ́jú méjì. Ní Amẹ́ríkà, Winsor McCay gbé Gertie jáde ní 1914, ẹranko ràbàtà ayé àtijọ́ tó ń ṣagídí bí ọmọdé. Felix, ológbò dúdú, yọjú ní 1919. Kò sí èyí tó fọhùn nínú wọn. Ìṣesí ara ni wọ́n fi ń pa ayé lẹ́rìn-ín.

Iṣẹ́ yìí dé tòsí. Ní ilẹ̀ Niger tó bá Borno pààlà, Moustapha Alassane, tó kú ní 2015, ṣe sinimá kúkúrú kan ní 1966 tó pè ní Bon Voyage Sim. Àwọn ọ̀pọ̀lọ́ ló fi ṣe ẹ̀dá inú rẹ̀: Sim, ààrẹ wọn, rin ìrìn-àjò lọ sí òkèèrè, nígbà tó padà dé, ìjọba bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

Bí ọ̀pọ̀lọ́ bá lè jọba nínú sinimá, kí ló dé tí Ìjàpá kò lè rìn? Ẹ̀yin òbí tí ẹ wà ní ìdálẹ̀, àlọ́ ń tán lọ lẹ́nu àwọn ọmọ yín. Ẹ fún wọn ní ìwé ìkọ̀wé kan. Kí wọ́n ya Ìjàpá sí igun ewé kọ̀ọ̀kan, kí ẹsẹ̀ rẹ̀ máa sún díẹ̀díẹ̀, kí wọ́n wá fi àtàǹpàkò ṣí i wàràwàrà. Ojú ọmọ ni yóò kọ́kọ́ gbọ́ ìtàn náà; nígbà tó bá bi yín pé níbo ni Ìjàpá ń lọ, ẹ fi Yorùbá dá a lóhùn.