Àrokò Inú Sẹ́ẹ̀lì àti Ìdè Kínéèsì

Bí ènìyàn bá ń lọ lójú ọ̀nà oko tí ó sì ṣàdédé rí paramọ́lẹ̀ tí ó ká jọ síwájú rẹ̀, kí ó tó mọ ohun tí yóò ṣe, àyà rẹ̀ ti já, ọkàn rẹ̀ ti ń lù kìkì, ẹsẹ̀ rẹ̀ sì ti rí agbára tí kò ní ní ìṣẹ́jú kan sẹ́yìn. Àwa a máa sọ pé ẹ̀rù ni ó fún un ní agbára náà. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n ẹ̀rù kì í ṣe oúnjẹ, kò sì lè gbé ẹsẹ̀ ẹnikẹ́ni. Ṣúgà ni ó gbé e. Ẹ̀dọ̀ àti iṣan ara ni wọ́n sì tú ṣúgà náà jáde láti inú àká tí wọ́n kó o pamọ́ sí. Ta ni ó sọ fún wọn pé paramọ́lẹ̀ wà lójú ọ̀nà? Ìdáhùn ìbéèrè yìí ni mo fẹ́ kọ sílẹ̀ níhìn-ín, nítorí pé ó ń mú wa lọ sí ìdí ọ̀ràn kan tí ó ju ti ejò lọ, èyíinì ni bí àwọn òṣìṣẹ́ kan tí à ń pè ní kínéèsì ti ń bọ́ sẹ́nu iṣẹ́ nínú ara wa, àti ohun tí ó ń ṣẹlẹ̀ bí ọ̀kan nínú wọn bá bọ́ sẹ́nu iṣẹ́ tí kò sì sí ẹni tí ó lè dá a dúró.

Àwọn baba wa mọ àrokò. Bí wọ́n bá fi owó ẹyọ mẹ́fà ránṣẹ́ sí ẹni tí ó gbọ́ Yorùbá, yóò mọ̀ pé ọkàn ẹni tí ó rán an fà sí òun. Ẹni tí kò gbọ́ Yorùbá yóò fi ra ẹ̀kọ jẹ. Ìtumọ̀ àrokò kò sí lára owó ẹyọ. Ọ̀dọ̀ ẹni tí a rán an sí ni ó wà. Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni adirẹnálíìnì rí. Láti ara àwọn ẹ̀yà kékeré méjì tí ó jókòó lórí kíndìnrín ni ó ti ń jáde, ẹ̀jẹ̀ ni ó sì ń gbé e kiri. Bí ó bá dé ọ̀dọ̀ ọkàn, ọkàn a máa sáré. Bí ó bá dé ọ̀dọ̀ iṣan ẹsẹ̀, iṣan a máa ṣí àká ṣúgà rẹ̀. Ohun kan náà ni ó dé ọ̀dọ̀ àwọn méjèèjì, ṣùgbọ́n olúkúlùkù ni ó mọ bí òun ti ń kà á.

Adirẹnálíìnì kì í sì í wọ inú sẹ́ẹ̀lì. Àlejò kì í ti ojú ọ̀nà wọ ìyẹ̀wù ọba lọ tààrà. Ẹnubodè ni yóò dúró sí, oníbodè ni yóò sì gbọ́rọ̀ rẹ̀. Purotéènì kan wà ní ara awọ sẹ́ẹ̀lì tí ó ń ṣe oníbodè yìí. Nígbà tí adirẹnálíìnì bá fara kàn án lóde, apá rẹ̀ tí ó wà nínú a yí díẹ̀, alárinà kan a gba ọ̀rọ̀ náà, a sì mú un dé ọ̀dọ̀ ẹ́ńsáìmù kan tí ó ń fi ATP ṣe ohun tí à ń pè ní cyclic AMP. Èyí ni ìlàrí tí ó ń sáré káàkiri inú ààfin. A ń mọ ìlàrí nípa orí rẹ̀ tí a fá ní apá kan; a ń mọ cyclic AMP nípa fọ́sféètì rẹ̀ tí ó tẹ̀ di òrùka. Earl Sutherland, ará Amẹ́ríkà, ni ó ṣe àwárí rẹ̀ ní ìparí àwọn ọdún 1950, a sì fún un ní ẹ̀bùn Nobel nítorí iṣẹ́ yìí ní ọdún 1971.

Ó tó àkókò wàyí kí n sọ ohun tí kínéèsì jẹ́. Ẹ́ńsáìmù ni. Iṣẹ́ rẹ̀ ni kí ó yọ fọ́sféètì kan kúrò lára ATP kí ó sì lẹ̀ ẹ́ mọ́ ara purotéènì mìíràn, bí akọ̀wé ti ń lu òǹtẹ̀ mọ́ ìwé. Fọ́sféètì kéré púpọ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ purotéènì, ṣùgbọ́n agbára iná òdì tí ó ní ń fa àwọn ẹ̀yà kan mọ́ra, ó sì ń ti àwọn mìíràn dànù, tó bẹ́ẹ̀ tí ìrísí purotéènì tí a lu òǹtẹ̀ náà fi ń yí padà. Bí ìrísí bá yí, iṣẹ́ náà a yí. Àwọn ẹ́ńsáìmù mìíràn sì wà tí iṣẹ́ tiwọn jẹ́ pípa òǹtẹ̀ rẹ́. Irú kínéèsì tí ó wà nínú ara ọmọ ènìyàn lé ní 500.

Bí a ti ṣe mọ èyí kò ní ṣàìdùn mọ́ ẹni tí ó bá fẹ́ràn ìtàn. Carl àti Gerty Cori ti fi hàn pé ẹ́ńsáìmù tí ó ń gé ṣúgà kúrò nínú àká, tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ phosphorylase, ní ìrísí méjì: ọ̀kan ń ṣiṣẹ́, èkejì jókòó tẹtẹrẹ. Edwin Krebs àti Edmond Fischer, ní Yunifásítì Washington ní ìlú Seattle, wá ń yọ ọ́ láti inú ẹran ehoro. Nígbà tí wọ́n fi ẹ̀rọ yí omi ẹran náà kí ó lè tòrò, èyí tí ó jókòó ni wọ́n rí. Nígbà tí wọ́n padà sí bébà ìsẹ́ tí àwọn Cori lò, èyí tí ó ń ṣiṣẹ́ ni wọ́n rí. Ẹlòmíràn ì bá kàn máa lo bébà lọ ní tirẹ̀ kí ó má sì bi ara rẹ̀ léèrè ohunkóhun. Àwọn wọ̀nyí béèrè. Wọ́n rí i pé bébà náà ní kálísíọ̀mù díẹ̀ lára, pé kálísíọ̀mù ni ó tú kínéèsì kan sílẹ̀ nínú omi ẹran náà, àti pé kínéèsì yìí ni ó fi fọ́sféètì lu phosphorylase ní òǹtẹ̀. Ọdún 1955 ni èyí. Ọdún 1992 ni ẹ̀bùn Nobel tó dé ọwọ́ wọn.

Ṣùgbọ́n kí ni a ń pè ní títú kínéèsì sílẹ̀? Kínéèsì tí cyclic AMP ń bá sọ̀rọ̀ ni yóò là á yé wa jù lọ. Kínéèsì A ni orúkọ rẹ̀. Krebs àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ni wọ́n rí i ní ọdún 1968, ní ọdún 1991 sì ni Susan Taylor àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ní ìlú San Diego fi hàn wá bí òṣìṣẹ́ inú rẹ̀ ti rí gan-an. Ó dà bí ẹnu tí ó ní ẹ̀rẹ̀kẹ́ òkè tí ó kéré àti ẹ̀rẹ̀kẹ́ ìsàlẹ̀ tí ó tóbi, ATP a sì jókòó sáàárín méjèèjì. Nígbà tí kò sí ìránṣẹ́, òṣìṣẹ́ méjì bẹ́ẹ̀ àti ẹ̀ṣọ́ méjì ni wọ́n so pọ̀ mọ́ ara wọn. Ẹ̀ṣọ́ kọ̀ọ̀kan ní apá tẹ́ẹ́rẹ́ kan tí ó jọ oúnjẹ òṣìṣẹ́ náà, apá yìí ni ó sì kì bọ̀ ọ́ lẹ́nu, bí ẹni tí ó fi egungun há ajá lẹ́nu kí ó má baà gbó. Bí cyclic AMP bá wá pọ̀, méjì á jókòó sára ẹ̀ṣọ́ kọ̀ọ̀kan, ẹ̀ṣọ́ á yí ìrísí padà, á sì yọ egungun lẹ́nu ajá. Òṣìṣẹ́ á lọ lu kínéèsì mìíràn ní òǹtẹ̀, ìyẹn gan-an tí kálísíọ̀mù inú bébà tú sílẹ̀ ní Seattle. Kínéèsì yẹn á lu phosphorylase, ṣúgà á sì máa dà. Nítorí pé ọ̀kọ̀ọ̀kan lè lu ọ̀pọ̀lọpọ̀, ọ̀rọ̀ tí ó jẹ́ wúyẹ́wúyẹ́ lẹ́nubodè á di ariwo ní àká.

Ẹ kíyèsí i pé cyclic AMP kò fi ọwọ́ kan òṣìṣẹ́ náà rárá. Kò fún un ní agbára kankan. Òṣìṣẹ́ ti ní òǹtẹ̀ tirẹ̀ lára, lórí threonine tí ó jẹ́ ìkọkàndínnígba nígbà tí a bá yọ méjì kúrò, 197, kí ìránṣẹ́ kankan tó dé; iṣẹ́ ti wà ní ìkáwọ́ rẹ̀, ìdè ni kò jẹ́ kí ó ṣe é. Ìdí nìyí tí n kò fi fẹ́ràn kí á máa sọ ní èdè wa pé a 'tan' kínéèsì, bí ẹni tan iná. Àwọn olùkọ́ mi ní òkè òkun a máa fi í wé iná mànàmáná ní èdè tiwọn, kò sì sí ohun tí ó ní kí á tẹ̀ lé wọn. Ìtúsílẹ̀ ni mo yàn. Mo mọ̀ pé kò kárí gbogbo wọn. Àwọn kínéèsì tí ń darí bí sẹ́ẹ̀lì ti ń pín sí méjì kò lè ṣiṣẹ́ bí purotéènì tí à ń pè ní cyclin kò bá wá fara tì wọ́n, kí ẹ̀rẹ̀kẹ́ wọn tó tò bí ó ti yẹ; ti ìyẹn ju ìdè lọ. Nínú èyí tí insulin ń bá sọ̀rọ̀, ahọ́n kínéèsì fúnra rẹ̀ ni ó ká sẹ́yìn tí ó dí i lẹ́nu. Insulin a mú apá méjì rẹ̀ súnmọ́ ara wọn, èkíní a lu ahọ́n èkejì ní òǹtẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹ́ta, ahọ́n a sì yẹ̀ kúrò lọ́nà.

Kínéèsì ABL ni mo fẹ́ kí a fi ọkàn sí jù, nítorí pé ọwọ́ ara rẹ̀ ni ó fi ń di ara rẹ̀. Ní ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀ ni ọ̀rá kékeré kan wà. Ọ̀rá yìí a yí padà lọ wọ inú ihò kan ní ìdí ẹ̀rẹ̀kẹ́ ìsàlẹ̀, bí ìdábùú ti ń wọ ilẹ̀kùn, kínéèsì a sì tì pa. Ní ọdún 2003 ni a tó rí èyí kedere. Ṣùgbọ́n nínú ara àwọn ènìyàn kan, nínú sẹ́ẹ̀lì kan ṣoṣo nínú mùdùnmúdùn tí ó ń ṣe ẹ̀jẹ̀, kúrómósómù kẹsàn-án àti ìkejìlélógún a ṣẹ́, wọn a sì so mọ́ra lódìlódì. Peter Nowell àti David Hungerford ni wọ́n kọ́kọ́ rí èyí tí ó kúrú lára wọn, ní Philadelphia ní ọdún 1960. Janet Rowley ni ó fi hàn ní ọdún 1973 pé pàṣípààrọ̀ ni. Ibi tí ó ṣẹ́ náà gé orí ABL kúrò, ó sì fi purotéènì mìíràn, BCR, rọ́pò rẹ̀. Ọ̀rá ti lọ, ìdábùú ti lọ. BCR sì tún jẹ́ ohun tí ó máa ń kó ara wọn jọ ní mẹ́rin mẹ́rin, tí àwọn kínéèsì náà fi ń lu ahọ́n ara wọn ní òǹtẹ̀. Àṣẹ pé kí sẹ́ẹ̀lì máa pọ̀ sí i kò wá dáwọ́ dúró mọ́: àrokò tí ẹnikẹ́ni kò dì, tí gbogbo ilé sì ń jẹ́. Irú jẹjẹrẹ ẹ̀jẹ̀ kan ni ó ń tibẹ̀ wá, ọlọ̀ a wú, funfun ẹ̀jẹ̀ a pọ̀ ré kọjá àlà, bí a kò bá sì tọ́jú rẹ̀, ó máa ń pa púpọ̀ nínú àwọn tí ó bá mú láàárín ọdún díẹ̀.

Tótó, ó ṣe bí òwe o, ẹ̀yin àgbà: bí ògiri kò bá lanu, aláǹgbá kì í ráyè wọ̀ ọ́. Bí ìdábùú ABL tilẹ̀ ti lọ, ahọ́n rẹ̀ ṣì ń ká padà lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan, àyè kékeré kan a sì ṣí sílẹ̀ lẹ́yìn ibi tí ATP ń jókòó. Ibẹ̀ ni oògùn imatinib ń wọ̀, tí kò fi jẹ́ kí ahọ́n náà yẹ̀ mọ́. Ọdún 2001 ni Amẹ́ríkà fi àṣẹ sí i. Ní ọdún 2003, ilé ìwòsàn Yunifásítì Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ ní Ilé-Ifẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í fún àwọn aláìsàn ní Nàìjíríà ní oògùn yìí lọ́fẹ̀ẹ́, láti inú ètò ìrànwọ́ ilé-iṣẹ́ Novartis tí ó ń ṣe é. Ọ̀pọ̀ àwọn tí ì bá ti kú ni wọ́n ṣì ń ṣòwò, tí wọ́n ń kọ́ ọmọ níwèé.

Síbẹ̀, imatinib kò tún kúrómósómù ṣe. Bí ó bá tán nínú ẹ̀jẹ̀, ẹnu kínéèsì á tún là. Nítorí náà ni a fi ń lò ó lójoojúmọ́, mílígíráàmù 400, ẹni tí ó bá sì ń fò ó nítorí owó ọkọ̀ tàbí nítorí pé ara rẹ̀ ti yá ń fi ẹ̀mí ara rẹ̀ ṣeré. Nínú ara àwọn mìíràn, threonine tí ó wà ní ipò 315 nínú kínéèsì náà a yí padà di isoleucine. Ìyípadà kékeré ni, ṣùgbọ́n ẹnu ọ̀nà tí imatinib ń gbà ni ó wà, kò sì jẹ́ kí ó ráyè wọlé mọ́. Ní ọdún 2021 ni a fi àṣẹ sí oògùn asciminib ní Amẹ́ríkà. Òun kò lọ sí ẹnu kínéèsì rárá. Ihò ìdí ẹ̀rẹ̀kẹ́ ìsàlẹ̀, níbi tí ọ̀rá ìjelòó wà kí kúrómósómù tó ṣẹ́, ni ó ń lọ jókòó sí, ó sì ń ṣe iṣẹ́ ìdábùú tí ó sọnù. Àwọn tí isoleucine yẹn wà lára kínéèsì wọn náà ń lò ó, ní ìwọ̀n tí ó pọ̀ ju ti àwọn yòókù lọ.